Ó Rẹ̀ Mí, Ṣùgbọ́n Mi Ò Tíì Dé

Ohùn ni Marivic kọ́kọ́ pàdé, ojú ṣẹ̀ṣẹ̀ wá tẹ̀lé e ni. Òjò oṣù kẹjọ ń dà sórí ìlú Marikina, lẹ́bàá Manila, bí ẹni ń da omi aṣọ nù. Gbogbo èrò ibùdókọ̀ ti ká ṣòkòtò sókè, wọ́n há mọ́ra lábẹ́ páànù kan tó ń jò, ojú wọn rọ bí ẹ̀fọ́ àná. Àfi bí ohùn kan ṣe dìde láàrin jíìpù akérò méjì. Ohùn náà mọ́ gaara, ó ga díẹ̀ ju ti ọkùnrin lọ, ó sì ní ibì kan nísàlẹ̀ tó ń gbọ̀n, bí ọmọ tó ṣẹ̀ṣẹ̀ sunkún tán tí ẹ̀rín sì ń pa.

"Cubao, Cubao! Ó ku ẹni méjì! Ẹ sún mọ́ra yín, ẹ má fi ìdí jọba!"

Agboòrùn já bọ́ lọ́wọ́ Marivic. Ó mọ ohùn yẹn. Ó mọ̀ ọ́n ju ohùn ìyá tó bí i lọ, nítorí ó ti di ọdún mẹ́rìndínlọ́gbọ̀n tí ìyá rẹ̀ ti kú, ohùn tìyẹn sì ti ń parẹ́ lọ́kàn rẹ̀ díẹ̀díẹ̀. Ó wo ọ̀tún, ó wo òsì, ó ń wá ọmọdékùnrin ọlọ́dún mẹ́wàá. Ọkùnrin gbọọrọ kan tó ti ń sún mọ́ ogójì ọdún ló rí, ó fi táwẹ́ẹ̀lì kọ́ ọrùn, ó fi wáyà so okùn bàtà rẹ̀ kan, ó ń fi àtẹ́lẹwọ́ gbá ara jíìpù bí ẹni ń gbá ẹ̀yìn ẹṣin.

Ọkùnrin náà rí i níbi tó dúró sí nínú òjò. "Ẹ̀gbọ́n, ẹ wọlé. Ààyè yín rèé."

"Ẹ ní ó ku ẹni méjì," ni Marivic wí.

"Bẹ́ẹ̀ ni. Ẹ̀yin ni ẹnì kan, àárẹ̀ tí ẹ gbé kọ́ èjìká yẹn ni ẹnì kejì. Òun náà á sanwó o."

Àwọn èrò inú ọkọ̀ rẹ́rìn-ín. Marivic wọlé, ó jókòó sẹ́gbẹ̀ẹ́ ẹnu ọ̀nà. Bí ọkọ̀ ṣe fẹ́ gbéra, ọ̀rọ̀ kan yọ́ jáde lẹ́nu rẹ̀, òun kọ́ ló rán an níṣẹ́. Ó ní, "Kò rẹ̀ ọ́ ni?"

Ọkùnrin náà kò rò ó lẹ́ẹ̀mejì. Nínú òjò níbẹ̀, ó dáhùn: "Ó rẹ̀ mí, ṣùgbọ́n mi ò tíì dé."

Kò sí ẹni tó lé ní ọgbọ̀n ọdún nínú jíìpù yẹn tí kò yí ọrùn padà.

Ta ni kò mọ Tonyo nígbà náà? Àwọn ará Japan ló ya kátúùnù yẹn, àwọn ará Manila ló fi ọ̀rọ̀ Tagalog, èdè tiwọn, sí i lẹ́nu, àmọ́ béèyàn bá sọ fún ọmọ Marikina kankan lọ́dún náà lọ́hùn-ún pé Tonyo kì í ṣe ọmọ àdúgbò, ìjà dé. Ìjì líle gbé ọmọ náà kúrò nílé, ó wá ń fi ọkọ̀ ojú omi kékeré kan tó ní apá kan ṣoṣo, bí ẹyẹ tó ṣèṣe, fò láti erékùṣù dé erékùṣù, ó ń wá ilé ìyá rẹ̀. Ibi gbogbo tó bá sọ̀ sí, wọ́n á fún un lóúnjẹ, wọ́n á ní kó jókòó ti àwọn. Wọ́n á ní, Tonyo, kò rẹ̀ ọ́ ni? Ẹ ti gbọ́ èsì tó máa ń fọ̀. Orin á wá bẹ̀rẹ̀, gbogbo òpópónà á sì máa gbè é:

Ọkọ̀ kékeré mi o,
Gbé mi lọ.
Omi ń ru, ìjì ń jà,
Gbé mi lọ.
Ilé ìyá mi dà o?
Gbé mi lọ.
Apá kan náà tó fò,
Gbé mi lọ, ọkọ̀ mi, gbé mi lọ.

Aago mẹ́rin ààbọ̀ ìrọ̀lẹ́ ni wọ́n máa ń fi í hàn. Tẹlifíṣọ̀n kan ṣoṣo tó dáa ní òpópónà wọn wà nínú ṣọ́ọ̀bù Hermogenes, bàbá Marivic, tó ń rán bàtà. Àwọn ọmọ á rọ̀ mọ́ fèrèsé bí àdán. Nena, ìyá Marivic, á jókòó sáàárín wọn, á máa fi ìka lu itan sí orin náà. Hermogenes ní tirẹ̀ á kẹ̀yìn sí wọn, á dojú kọ bàtà tó wà níwájú rẹ̀, òòlù rẹ̀ á sì dákẹ́. Títí Marivic fi dàgbà ló gbà pé ariwo àwọn ló máa ń bí bàbá òun nínú, tí kì í fi í lè ṣiṣẹ́.

Ọ̀sẹ̀ tí wọ́n fẹ́ fi ìparí rẹ̀ hàn gan-an ni ìjì líle gidi wá já wáyà iná ìlú. Odindi ọjọ́ mẹ́ta, kò síná. Nígbà tí iná dé, kátúùnù mìíràn ló ti jókòó síbẹ̀, wọn kò sì padà fi ti Tonyo hàn mọ́. Lọ́dún tó tẹ̀lé e, Nena dùbúlẹ̀ àìsàn. Ó ku díẹ̀ kó lọ, ó rẹ́rìn-ín músẹ́ lórí ibùsùn, ó wo ọkọ rẹ̀, ó wo ọmọ rẹ̀, ó ní, "Ṣé ẹ rò pé ọmọ yẹn délé báyìí?" Hermogenes kò dáhùn. Ọmọ ọdún mẹ́sàn-án ni Marivic nígbà náà.

Ẹ jẹ́ ká padà síbi òjò.

Renante lórúkọ agbèrò náà. Marivic ní tirẹ̀ ń ta bàtà ní ilé ìtajà ńlá kan ní Cubao. Wákàtí mẹ́sàn-án ló fi ń wà lórí ìdúró lójoojúmọ́, bí kò bá dúró, á kúnlẹ̀ síwájú ẹsẹ̀ ẹlẹ́sẹ̀, lẹ́yìn náà á padà wálé wá se ìrẹsì àti ẹja gbígbẹ fún bàbá tí ojú rẹ̀ ti ń ṣú. Ọmọ ọdún márùndínlógójì ni, ó sì ti rẹ̀ ẹ́ débi pé bí áńgẹ́lì bá bi í pé kí ló fẹ́ láyé, oorun ni yóò kọ́kọ́ dárúkọ. Síbẹ̀, láti ọjọ́ òjò yẹn, ó bẹ̀rẹ̀ sí í jí ní ogún ìṣẹ́jú ṣáájú àkókò.

Renante á ti fi táwẹ́ẹ̀lì rẹ̀ gba ààyè sílẹ̀ fún un lẹ́gbẹ̀ẹ́ awakọ̀. Bí ẹnikẹ́ni bá fẹ́ jókòó síbẹ̀, á ní ààyè ìyá òun ni. Lọ́jọ́ kan, ìyá arúgbó kan rí Marivic tó ń gòkè síbẹ̀, ó fajú ro, ó ní ìyá wo ló kéré tó báyẹn.

"Màmá, ẹ má bínú," ni Renante wí. "Ìyá àwọn ọmọ mi ni mo fẹ́ wí. Ahọ́n mi ló kù káàtó."

Ojú Marivic gbóná bí ìdí ìkòkò. Ọjọ́ yẹn ló kọ́kọ́ pè é ní orúkọ rẹ̀ láìfi ẹ̀gbọ́n ṣáájú. Ó ní, "Renante, wàá gba ìgbátí."

Ìṣẹ́jú mẹ́wàá òwúrọ̀, ohun tí wọ́n ní nìyẹn, àti ọjọ́ Àìkú lẹ́yìn ìsìn. Wọ́n á rìn létí odò Marikina, wọ́n á ra ẹja lílọ̀ tí wọ́n dín róbótó-róbótó tí wọ́n gún sórí igi tẹ́ẹ́rẹ́, wọ́n á jókòó sórí àtẹ̀gùn tó sọ̀ kalẹ̀ sómi. Ìgbà mìíràn àárẹ̀ á máa wò wọ́n, àwọn náà á máa wò ó. Ibẹ̀ ni Marivic ti bi í lọ́jọ́ kan pé báwo ló ṣe rí ohùn Tonyo gbé sí ọ̀fun, ṣé ó máa ń kọ́ ọ níwájú dígí ni.

Renante jẹ ẹja ẹnu rẹ̀ tán. "Ìyá mi ni," ó wí.

Marivic ní kí ni ti ìyá rẹ̀.

Ló bá sọ fún un. Ìyá rẹ̀, Ofelia, ni Tonyo. Ohùn ọkùnrin ti wúwo jù fún ọmọ kékeré, ti ọmọ gidi sì lè fọ́ nígbàkígbà, nítorí náà obìnrin ni wọ́n máa ń fi sí i. Ofelia á dúró níwájú ẹ̀rọ agbohùnsílẹ̀ láti àárọ̀ ṣúlẹ̀, ojú rẹ̀ á wà lára ẹnu ọmọ inú àwòrán: bí ẹnu yẹn bá là, tirẹ̀ á là, bó bá pa dé, tirẹ̀ á pa dé. Bí ọ̀rọ̀ Tagalog bá kúrú tí ẹnu ṣì ń mì, á wá nǹkan fi dí i. Wọ́n kìlọ̀ fún gbogbo wọn pé wọn ò gbọdọ̀ sọ fún ẹnikẹ́ni, kí ọkàn àwọn ọmọ má baà bà jẹ́. Ọmọ ọdún méjìlá ni Renante nígbà náà. Àwọn ọmọ kíláàsì rẹ̀ á máa jà lórí ibi tí Tonyo ń gbé, òun á máa gbé ọ̀rọ̀ náà mì bí egungun ẹja.

Marivic rẹ́rìn-ín títí omi fi bọ́ lójú rẹ̀. "Ṣé ìyá ẹ ni mo ti ń fẹ́ láti ọmọ ọdún mẹ́jọ? Mo kọ lẹ́tà sí i o. Mo ní kó dúró dè mí, pé tí mo bá dàgbà tán màá fẹ́ ẹ."

Renante kò bá a rẹ́rìn-ín. Ó ń wo omi.

"Ohun tó ń bà mí lẹ́rù gan-an nìyẹn," ó wí. "Lọ́jọ́ tí o kọ́kọ́ rí mi, èmi kọ́ lo rí. Ohùn ìyá mi lo gbọ́. Bí ohùn yìí bá kúrò lọ́fun mi lọ́la, kí ló kù tí wàá máa tìtorí ẹ̀ jí ní kùtù? Agbèrò tó fi wáyà so bàtà."

Marivic fẹ́ sọ pé irọ́ ni. Ṣùgbọ́n ọ̀rọ̀ náà kì í ṣe irọ́ tán, kì í sì í ṣe òótọ́ tán, ó sì ti rẹ̀ ẹ́ jù láti máa wá ibi tí ọ̀kan parí sí tí èkejì ti bẹ̀rẹ̀. Lọ́jọ́ yẹn, wọ́n rìn padà bí àwọn méjì tí wọ́n jọ ń ru ẹrù tí ẹnì kankan ò fẹ́ sọ̀ kalẹ̀.

Bí ẹni pé odò ń gbọ́, kò ju ọ̀sẹ̀ méjì lọ tí ohùn náà fi lọ. Ogúnjọ́ oṣù kẹsàn-án ni. Renante la ẹnu láti pe Cubao, "Cu" ló jáde, èyí tó kù kò jáde. Dókítà fi iná wo ọ̀fun rẹ̀, ó ní kókó ti hù níbi tí ohùn ti ń jáde, nítorí ọdún méjìlá tó fi ń kígbe nínú eruku àti èéfín. Ọ̀sẹ̀ mẹ́fà gbáko ni kò gbọdọ̀ sọ ọ̀rọ̀ kankan, kẹ́lẹ́kẹ́lẹ́ pàápàá kò gbọdọ̀ sọ ọ́. Bó bá sọ̀rọ̀, ọ̀bẹ ni yóò kàn, ọ̀bẹ sì lè gbé ohùn náà lọ pátápátá.

Agbèrò tí kò lè pè, kí ni yóò jẹ? Àwọn agbèrò mìíràn sì ti ń yọjú sí ibi ìdúró rẹ̀.

Lọ́jọ́ kejì, aago mẹ́fà àárọ̀, Marivic dúró síbi tí Renante máa ń dúró sí. Aago mẹ́wàá ni ilé ìtajà wọn máa ń ṣí, ó ní wákàtí mẹ́ta kó tó wọ ọkọ̀ lọ síbẹ̀. Ó la ẹnu, ó ní Cubao. Ẹyẹ ológoṣẹ́ ì bá pariwo jù ú lọ.

Awakọ̀ kan yọ orí. "Anti, ṣé ẹ ń pè wọ́n ni, àbí ẹ ń bẹ̀ wọ́n?"

Renante fi ìkọ̀wé kọ ọ́ sórí páálí fún un: *Fi ikùn pè é, má fi ọ̀fun.* Marivic fi ikùn pè é. Nígbà tó fi máa di ọjọ́ kẹrin, àwọn èrò ti ń dáhùn. Ó di ọ̀sẹ̀ kejì, ó ti ń ṣàfikún tirẹ̀: "Cubao! Ẹ wọlé, ẹ gbé ẹsẹ̀ yín wá, mo mọ iye tí bàtà yẹn jẹ́, kò yẹ kí ẹ fi rìn nínú ẹrẹ̀!" Renante á máa gbá ara ọkọ̀, òun á máa pè, ọkùnrin ni ọwọ́, obìnrin ni ẹnu. Lẹ́yìn náà ni Marivic yóò tó wọ ọkọ̀ lọ síbi iṣẹ́ tirẹ̀, níbi tí ẹsẹ̀ rẹ̀ á ti máa ké pè é títí di ìrọ̀lẹ́.

Lọ́jọ́ kan, Renante gbé páálí sókè sí i. Ohun tó kọ sí i ni: *Kí ló dé tí o ṣì ń wá?*

Marivic kà á, ó tún un kà. Ó ní, "Ẹni tó ń fi táwẹ́ẹ̀lì gba ààyè fún mi, ṣé ohùn ló fi gbà á ni?"

Renante yí ojú sí ara jíìpù.

Ìgbà yẹn ló mú un lọ sọ́dọ̀ ìyá rẹ̀. Ofelia ń gbé nínú yàrá kan lẹ́yìn ọjà, ó ń se àkàrà ìrẹsì lórí èédú, obìnrin kékeré tó tẹ̀ díẹ̀, ohùn rẹ̀ wúwo, ó sì há bí ilẹ̀kùn tí epo ti gbẹ lára rẹ̀. Marivic bẹ̀ ẹ́ pé kó sọ̀rọ̀ Tonyo sí òun létí, ẹyọ kan péré.

"Ohùn yẹn? Mo ti sin ín," ni Ofelia wí. Ó sọ bí wọ́n ṣe wá ọ̀dọ́ tó lórúkọ láti rọ́pò òun lẹ́yìn tí Tonyo parí, tó jẹ́ pé ẹ̀ṣọ́ ẹnu ọ̀nà ni wọ́n rán sí òun pé kí òun má wọlé mọ́. Kò sunkún sí i, ó kàn ń yí àkàrà rẹ̀. Lẹ́yìn náà ó wo Marivic láti òkè dé ilẹ̀. "Renante kọ ọ́ fún mi pé ọmọ aránbàtà ni ẹ́. Ìwọ lo kọ lẹ́tà tó ní àwòrán bàtà lẹ́yìn, àbí?"

Ẹnu ya Marivic.

"Ó wà nínú àpótí. Jẹun, ìyàwó mi àtijọ́. O ti rù jù."

Gbogbo èyí dára, àmọ́ bàbá wà nílé. Ẹnì kan ti lọ sọ fún Hermogenes pé ọmọ rẹ̀ ti di agbèrò. Bàbá náà kò pariwo. Ó ní ogójì ọdún lòun fi rán bàtà kí ọmọ òun má baà dúró nínú ẹrẹ̀, inú ẹrẹ̀ náà ló sì wá lọ dúró sí, nítorí ọkùnrin tí iṣẹ́ rẹ̀ kò ju ariwo lọ. Arnulfo ọmọ rẹ̀ ọkùnrin, tó wà ní erékùṣù Cebu, ti ra tíkẹ́ẹ̀tì ọkọ̀ òfurufú méjì. Lẹ́yìn ọjọ́ àwọn òkú, ìyẹn ọjọ́ kìíní oṣù kọkànlá, tí àwọn bá ti tan àbẹ́là sórí sàréè Nena tán, òun àti Marivic ń lọ. Ojú òun ti lọ, ta ni yóò máa tọ́jú òun?

Marivic sọ fún un pé Renante fẹ́ wá gun àtẹ̀gùn ilé wọn. Bí wọ́n ṣe ń wí i nìyẹn níbẹ̀: ọkùnrin àti àwọn ẹbí rẹ̀ á gbé oúnjẹ, wọ́n á gun àtẹ̀gùn ilé ọmọbìnrin, wọ́n á jókòó, wọ́n á tọrọ rẹ̀.

Hermogenes ní, "Kó wá lọ́jọ́ Àìkú tó ń bọ̀. Àmọ́ òun fúnra rẹ̀ ni yóò fi ẹnu ara rẹ̀ sọ ọ́. Ẹni tó ń fi ẹnu jẹun, ẹ jẹ́ kí n gbọ́ ẹnu náà."

Ọjọ́ Àìkú yẹn, yóò ku ọjọ́ márùn-ún kí ọ̀sẹ̀ mẹ́fà dókítà pé. Marivic bẹ̀ ẹ́ pé kó sún un síwájú. Ó ní kó jẹ́ kí ó kọ ọ́ sínú ìwé. Bàbá náà ní ojú wo lòun fẹ́ fi ka ìwé. Ó ní tíkẹ́ẹ̀tì ti wà nílẹ̀, bí ọkùnrin bá fẹ́ ọmọ òun dé ibi pé kó sọ̀rọ̀, á sọ ọ́. Bí kò bá lè sọ ọ́, kí àwọn máa lọ ní tàwọn.

Nígbà tí Marivic sọ fún Renante, ó gba páálí, ó kọ gbólóhùn kan ṣoṣo sí i: *Màá sọ̀rọ̀.*

Ìbẹ̀rù wá mú Marivic. Ó ti mọ̀ báyìí pé òun lè gbé ayé láìgbọ́ ohùn Tonyo. Ohun tí kò lè gbà ni kí Renante fi ọ̀fun rẹ̀ ra òun.

Àtẹ̀gùn mọ́kànlá ló gòkè dé ilé wọn, nítorí omíyalé. Ofelia ló ṣáájú, ó gbé àkàrà ìrẹsì àti abọ́ núdù gígùn, Renante tẹ̀lé e nínú ṣẹ́ẹ̀tì funfun, ó ti yọ wáyà kúrò lára bàtà. Bàtà tuntun ni, Marivic ló fi owó oṣù rẹ̀ rà á. Hermogenes jókòó lórí àpótí tó ń jókòó lé láti ìgbà tó ń ṣiṣẹ́, ó kẹ̀yìn sí fèrèsé. Wọ́n kí i. Ofelia fi ohùn gbígbẹ rẹ̀ sọ pé ẹ jọ̀wọ́, ara ọmọ òun kò yá.

"Mo ti gbọ́," ni Hermogenes wí. "Ẹ jẹ́ kó sọ̀rọ̀."

Marivic ń wo ọrùn Renante, ó rí bí gògóńgò rẹ̀ ṣe gòkè tó sì sọ̀. Ó fẹ́ dìde, kó ní ó tó, kó ní òun ń lọ sí Cebu. Renante ti la ẹnu.

Ètè rẹ̀ mì. Kò sì sí ohun tó jáde.

Ẹ rántí iṣẹ́ tí Ofelia ṣe. Ọdún mọ́kànlá ló fi dúró síwájú ẹnu tó ń mì tí kò ní ohùn. Ojú rẹ̀ kò lè rí irú ẹnu bẹ́ẹ̀ kó fi í sílẹ̀ lófìfo. Bí wàrà ṣe máa ń sun lọ́yàn abiyamọ tí ọmọ ọlọ́mọ bá ké ni. Kó tó mọ̀, ó ti ń sọ̀rọ̀. Ohùn tó sì jáde kì í ṣe ti ilẹ̀kùn gbígbẹ. Ohùn ọmọ ọdún mẹ́wàá ni, ó mọ́ gaara, ó ń gbọ̀n nísàlẹ̀:

"Bàbá, ẹ kú ìjókòó. Ọ̀nà tí mo gbà wá jìn. Mi ò ní ọkọ̀, mi ò ní ilé tó ga. Ọmọ yín ń ru àárẹ̀ kan lórí èjìká láti ọjọ́ tí mo ti mọ̀ ọ́n. Mi ò lè sọ pé màá gbà á lọ́wọ́ ẹ̀, torí èmi náà ní tèmi. Ẹ kàn jẹ́ ká jọ máa rù ú."

Ẹnu Renante pa dé, ti ìyá rẹ̀ pa dé pẹ̀lú rẹ̀, ìkan kò fi bí ìṣẹ́jú àáyá kẹ́yìn èkejì. Ofelia fi ọwọ́ bo ẹnu bí ẹni tó jalè.

Marivic rò pé inú ti bí bàbá òun. Àmọ́ bàbá náà na ọwọ́ síwájú bí ẹni ń wá nǹkan nínú òkùnkùn.

"Tonyo?"

Ofelia kò tíì mú ọwọ́ kúrò lẹ́nu.

"Mi ò lè kan ìṣó nígbà tí o bá ń sọ̀rọ̀," ni bàbá náà wí. "Ìka ni mo máa ń fi òòlù gbá. Mo bá kúkú ń dúró. Mo kẹ̀yìn sí àwọn ọmọ, kí wọ́n má sọ pé àgbà ń wo kátúùnù." Ó nu imú. "Ìyàwó mi bi mí ní ìbéèrè kan kó tó kú, mi ò rí èsì fún un. Láti ọdún yẹn ni mo ti ń wá ẹni tí màá bi. Ṣé o délé?"

Ofelia wo ọmọ rẹ̀. Renante mi orí sí i, ó rọra la ètè, ó mú un kúrú, kí ìyá rẹ̀ lè bá a. Ọ̀rọ̀ náà, ẹ̀ẹ̀kan péré ni Ofelia ti sọ ọ́ rí, níwájú ẹ̀rọ, ní ọ̀sẹ̀ tí ìjì bọ̀, ó sì ti gbà pé kò sétí tó gbọ́ ọ.

"Ó rẹ̀ mí, Bàbá. Mo sì ti dé."

Hermogenes tẹ orí ba. Nígbà tó gbé orí sókè, ohun tó kọ́kọ́ sọ ni pé kí wọ́n gbé núdù yẹn wá kó tó tutù. Ìkejì, ó ní kí Marivic pe Arnulfo, kó sọ fún un pé tíkẹ́ẹ̀tì kan ti pọ̀ jù; òun á lọ kí i lọ́dún Kérésì, òun á sì padà. Ó na abọ́ sí ọ̀gangan ibi tí Renante jókòó sí. "Ìwọ agbèrò, jẹun. A kì í fi ebi dákẹ́."

Ọjọ́ àwọn òkú, gbogbo Marikina wà ní itẹ́ òkú. Wọ́n ti fọ sàréè, wọ́n ti fi òdòdó sí i, àwọn ẹbí jókòó sórí ẹní pẹ̀lú abọ́ ìrẹsì. Hermogenes kúnlẹ̀ níbi òkúta Nena, ó fi ìka kàn án ní ẹ̀ẹ̀mẹta, bí ẹni ń fi òòlù kan ìṣó tó kéré. Ó ní, "Nena, ọmọ yẹn délé o." Ofelia tan àbẹ́là, ó sì bẹ̀rẹ̀ sí í fi imú kọrin, *ọkọ̀ kékeré mi o*, àwọn tó wà ní sàréè kejì àti ìkẹta sì ń gbè é, *gbé mi lọ*, láìmọ ẹni tó dá a.

Ọ̀sẹ̀ mẹ́fà pé lọ́jọ́ náà. Marivic àti Renante dúró lábẹ́ igi kan lẹ́gbẹ̀ẹ́ ògiri. Oṣù kìíní ni wọ́n mú fún ìgbéyàwó. Láti aago mẹ́rin ìdájí ni Marivic ti wà lórí ìdúró, ó ń gbá ilẹ̀ sàréè, ó ń pọn omi.

Renante la ẹnu. "Marivic," ó wí.

Kì í ṣe ohùn Tonyo mọ́. Ó nípọn, ó há, ó dà bí ìgbà tí wọ́n ń fi bàtà tẹ òkúta wẹ́wẹ́. Renante gbọ́ ọ fúnra rẹ̀, ojú rẹ̀ ṣú. Ó ń wo ojú obìnrin náà, bóyá yóò wá ẹlòmíràn lẹ́yìn òun.

Marivic kò wá ẹnikẹ́ni. Ó fi èjìká ti èjìká rẹ̀. "Kò rẹ̀ ọ́ ni?" ó bi í.

"Ó rẹ̀ mí," ni ọkùnrin náà fi ohùn ara rẹ̀ dáhùn. Ó bọ́ táwẹ́ẹ̀lì kúrò lọ́rùn, ó tẹ́ ẹ sórí koríko, ó sì fi ọwọ́ gbá ẹ̀gbẹ́ kan níbẹ̀ fún un. "Jẹ́ ká jókòó."